Ẹ̀yin tí ilẹ̀ yín wà létí odò

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará Àkúrẹ́. Ẹnikẹ́ni kò bi mí, ṣùgbọ́n bí etí odò Àlà ṣe ń ya yìí ń dùn mí. Bí omi bá ti ń jẹ ilẹ̀ yín, ẹ gbin ìyeyè síbẹ̀, tàbí akòko.

Lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn ni ewé ìyeyè máa ń wọ́ dànù. Ìgbà yẹn gan-an ni kí ẹ gé ẹ̀ka rẹ̀, kí ewé tuntun tó rú, torí agbára rẹ̀ ṣì wà nínú igi. Kí ó nípọn tó ọrùn ọwọ́. Ẹ bẹ́ ìdí rẹ̀ ní ṣóńṣó, kí ẹ jẹ́ kí orí rẹ̀ tẹ́jú, kí ẹ má baà dorí rẹ̀ kodò nígbà tí ẹ bá ń gbìn ín. Àṣìṣe yìí wọ́pọ̀ gan-an! Bí òjò àkọ́rọ̀ bá ti rọ̀, ẹ rì í wọlẹ̀ dé ìdajì. Gbòǹgbò á yọ, á di ilẹ̀ mú.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi pàǹtí dí ibi tó ya. Omi á kàn gbé e lọ bá ará ìsàlẹ̀ ni.

Akòko wà lẹ́yìnkùlé mi. Ẹni tó bá fẹ́, kó mú àdá wá.