Bí ẹ ṣe lè kọ ìtàn baba àgbà yín tó ṣe tíṣà, tó ṣe sọ́jà, tó sì gbá kíríkẹ́ẹ̀tì

Ọmọ Kétu, ní ilẹ̀ Benin, ni bàbá tó bí bàbá mi. Ó ṣe tíṣà, ó ṣe sọ́jà Gẹ̀ẹ́sì, ó sì gbá kíríkẹ́ẹ̀tì, eré àwọn Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ń fi igi gbá bọ́ọ̀lù. Bí mo bá sọ ọ́ ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo), wọ́n á ní báwo ni ọmọ ilẹ̀ Faransé ṣe dé ìdí kíríkẹ́ẹ̀tì. Ààlà ló fà á. Ní 1889 ni Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì fìdí ààlà tó ya àwa àti Ìmẹ̀kọ, tó bọ́ sápá Gẹ̀ẹ́sì ní Nàìjíríà, múlẹ̀. Nígbà tó di 1915 sí 1916 tí Faransé ń fipá kó àwọn ọ̀dọ́ lọ sógun, ọ̀pọ̀ ará wa di ẹrù, wọ́n sá lọ sí ọ̀hún. Ọmọdé ni bàbá àgbà nígbà náà, òun náà sì bá wọn lọ. Ọdún méjì gbáko ni mo fi ṣa ìtàn rẹ̀ jọ. Bí irú ẹni bẹ́ẹ̀ bá wà nílé yín, bí mo ṣe ṣe é nìyí.

Ẹ má fi ọjọ́ ìbí bẹ̀rẹ̀. «Né vers 1912», ìyẹn ni pé wọ́n bí i ní nǹkan bí ọdún 1912, ni wọ́n kọ sínú ìwé tí wọ́n ṣe fún un nígbà tó padà wálé. Ojú ni akọ̀wé wò tó fi kọ ọ́. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni kí ẹ fi bi àwọn àgbà léèrè. Ṣé ó ti ń rìn nígbà tí wọ́n sá lọ? Àwọn wo ni ẹgbẹ́ rẹ̀? Alákétu wo ló wà lórí ìtẹ́ nígbà tó gbéyàwó? Àbúrò rẹ̀ obìnrin tó wà ní Ìmẹ̀kọ ní Alákétu Adéwọrí ni. Ní 1937 ni Adéwọrí jọba, mo wá mọ̀ pé ìgbéyàwó náà kò ṣáájú ọdún yẹn. Gbólóhùn kan ṣoṣo yẹn wúlò fún mi ju gbogbo ìwé mérì, ọ́fíìsì ìlú, lọ.

Lẹ́yìn náà, ẹ tú àpótí. Ẹ má tíì da ohunkóhun nù. Ìwé àjákọ kan wà nínú àpótí onípáànù bàbá àgbà tí wọ́n fi ojú ilé kéékèèké onígun mẹ́rin kún ojú rẹ̀, tí àmì ìdánudúró àti nọ́ńbà sì wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bàbá mi rò pé ìwé gbèsè ni, díẹ̀ ló kù kí wọ́n fi dáná. Ìwé èsì kíríkẹ́ẹ̀tì ni! Ojú ilé kan dúró fún bọ́ọ̀lù mẹ́fà tí ẹnì kan jù tẹ̀léra. Àmì ìdánudúró kan túmọ̀ sí pé wọn ò rí nǹkan kan gbà nínú bọ́ọ̀lù yẹn. 4 ni èyí tó yí lórí ilẹ̀ títí tó fi kọjá ìlà ẹ̀gbẹ́ pápá, 6 ni èyí tó fò kọjá láì kanlẹ̀. W ni pé ẹni tó ń fi igi gbá a ti jáde. Bí mẹ́fẹ̀ẹ̀fà bá jẹ́ àmì ìdánudúró lásán, ẹni tó ń kọ ọ́ á fa ìlà so wọ́n pọ̀ di M. Bàbá àgbà máa ń tẹ M tirẹ̀ mọ́lẹ̀ débi pé ẹnu pẹ́ńsù fẹ́rẹ̀ẹ́ lu ìwé. Mo fi ìka wá a lẹ́yìn tákàdá, mo rí i.

Ọjọ́ àti orúkọ ìlú ló wà lókè ojú ìwé kọ̀ọ̀kan. Mo tò wọ́n tẹ̀léra. Níbi tí wọ́n bá gbé e lọ kọ́ni ló ti ń gbá bọ́ọ̀lù, nítorí náà gbogbo ilé-ìwé tó ti ṣiṣẹ́ jáde síta lọ́kọ̀ọ̀kan. Ní 1943, ìwé náà dákẹ́. Ojú ìwé òfìfo ni ìyókù. Ẹ kíyè sí irú òfìfo bẹ́ẹ̀, torí ibẹ̀ ni Ogun Àgbáyé Kejì ti wọlé.

Ní ti ogun, apá aṣọ inú fọ́tò ni kí ẹ wò. Bó bá jẹ́ aláǹtakùn dúdú ló wà níbẹ̀, Dífíṣọ̀n kọkànlélọ́gọ́rin ni, ẹgbẹ́ ọmọ ogun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà lábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn tó dé Íńdíà ní 1943 kí wọ́n tó wọ Bọ́mà (Myanmar òde òní), tí wọ́n jà ní àfonífojì Kaladan. Bó bá jẹ́ ọ̀kọ̀ méjì tó dábùú ara wọn, Dífíṣọ̀n kejìlélọ́gọ́rin ni. Aláǹtakùn ni ti bàbá àgbà, ìlà mẹ́ta sì wà lápá rẹ̀: sájẹ́ǹtì ni. Nílé wa, «kọ́nẹ́ẹ̀lì» ni wọ́n ń pè é. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi oyè tí kò jẹ kún un. Ipò ọ́físà ṣọ̀wọ́n fún aláwọ̀ dúdú nígbà náà; tíṣà kan ní ilé-ìwé Achimota, Seth Anthony, ọmọ Gold Coast (Gánà òde òní), ni ẹni àkọ́kọ́ láti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tí Gẹ̀ẹ́sì fún ní irú ipò bẹ́ẹ̀, ní 1942. Ó wù mí kí àwọn ọmọ mi mọ̀ pé sájẹ́ǹtì ni bàbá àgbà, àti pé àwọn sọ́jà ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ń kọ́ ní mọ̀ọ́kọ mọ̀ọ́kà lójú ogun.

Ẹ má yá ẹnikẹ́ni ní fọ́tò. Ẹnì kan gba fọ́tò ìgbéyàwó rẹ̀ lọ́wọ́ mi pé òun fẹ́ tún un tẹ̀. Mi ò rí i mọ́ títí dòní, ó sì ń dùn mí. Fóònù ni kí ẹ fi yà á lẹ́nu ọ̀nà, níbi tí oòrùn kò ti ràn án tààrà, kí ẹ ya ẹ̀yìn rẹ̀ pẹ̀lú, torí òǹtẹ̀ ayàwòrán máa ń wà níbẹ̀. Fún ìwé ìjọba, ti apá Faransé wà nílé àkójọ ìwé ìjọba ní Àjàṣẹ́, ti apá Gẹ̀ẹ́sì wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ẹ mú káàdì ìdánimọ̀ àti pẹ́ńsù dání, kí ẹ sì ti kọ orúkọ rẹ̀ ní oríṣiríṣi ọ̀nà tí akọ̀wé lè gbà ṣì í kọ.

Bí ẹ bá kọ ọ́ tán, ẹ kà á sókè fún ẹni tó dàgbà jù kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́. Mo gun zẹ́mìjàn, ọ̀kadà tó ń kérò, lọ sí Ìmẹ̀kọ, mo kà á fún ìyá àgbà, àbúrò bàbá àgbà tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan, láti òwúrọ̀ títí ìrọ̀lẹ́. Ó dákẹ́, ó ń gbọ́. Ìgbà tí mo dé ibi tí mo kọ pé ọwọ́ ọ̀tún ló fi ń ju bọ́ọ̀lù, ó na ọwọ́ òsì rẹ̀ sókè, ó ní: «Èyí ni. Èyí ló fi ń jù ú, òun náà ló fi máa ń nà wá.» Mo pa á rẹ́ níbẹ̀, mo tún un kọ.