Ọjọ́ ọjà ń sá, òṣùpá ò bá oṣù mu: ìbéèrè àti ìdáhùn lórí kàlẹ́ńdà ayé àròsọ

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọjọ́ 371.4 ni ayé inú ìtàn mi fi ń yí oòrùn rẹ̀ ká. Mo fún wọn ní oṣù 12, ọjọ́ 31 nínú oṣù kọ̀ọ̀kan. Ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ni Ọdún Ìkórè wọn. Nígbà tí ìtàn dé ọdún 51, àwọn òǹkàwé ní àgbàdo á ti wọ àká tipẹ́ kí Ọdún Ìkórè tó dé. Níbo ni mo ti ṣì í?

Ìdáhùn: Òótọ́ ni wọ́n sọ. Oṣù 12 ọlọ́jọ́ 31 jẹ́ ọjọ́ 372, èyí tó fi ọjọ́ 0.6 ju ọdún oòrùn yín lọ. Gbèsè nìyẹn, kò sì sẹ́ni tó ń san án. Bí ọdún 50 bá fi kọjá, ó ti di ọjọ́ 30 gbáko, ó ku ọjọ́ kan péré kó pé oṣù kan.

Ẹ fi 371.4 sílẹ̀ bó ṣe wà, oṣù ni kí ẹ tún ṣe. Ọdún oòrùn 5 jẹ́ ọjọ́ 1857, ọdún kàlẹ́ńdà 5 jẹ́ 1860. Ọjọ́ 3 ló lé. Ẹ di ọdún ní márùn-ún-márùn-ún. Ní ọdún 1, 3 àti 5 nínú ìdì kọ̀ọ̀kan, ẹ jẹ́ kí oṣù kejìlá ní ọjọ́ 30. Ní ọdún 2 àti 4, kó ní 31. Ẹ ro ó pọ̀: 371, 372, 371, 372, 371. Ó di 1857. Ìparí ọdún ni kí ẹ ti yọ ọjọ́ náà, torí bí ẹ bá yọ ọ́ láàárín ọdún, ọjọ́ gbogbo oṣù tó kù á yí mọ́ yín lọ́wọ́. Kí ẹ sì rántí pé ayálégbé á fẹ́ mọ̀ bóyá owó ilé oṣù ọlọ́jọ́ 30 dín.

Ìbéèrè: Ọjà wọn jẹ́ ọjà ọrọọrún bíi tiwa. Mo kọ ọ́ sí ọjọ́ 1, 6, 11, 16. Wọ́n ní kò tọ̀nà.

Ìdáhùn: Kò tọ̀nà lóòótọ́. Nínú òǹkà ọjà tiwa, a máa ń ka ọjọ́ tí a wà mọ́ ọn. Ọjọ́ mẹ́rin ló ń yí po. Nítorí náà ọjọ́ 1, 5, 9, 13, 17 lẹ máa kọ, ọjọ́ 17 yẹn sì ni ìtàdógún pé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọjọ́ 16 ló kọjá.

Àṣìṣe kejì tó wọ́pọ̀ ni pé òǹkọ̀wé á tún ọjọ́ ọjà bẹ̀rẹ̀ bí ọdún tuntun bá wọlé. Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀ láé. Nígbà tí Póòpù Gregory 13 tún kàlẹ́ńdà ṣe ní 1582, ọjọ́ 4 oṣù October ni wọ́n fò bọ́ sí ọjọ́ 15, síbẹ̀ Ọjọ́bọ̀ ni ọjọ́ 4, Ẹtì sì ni ọjọ́ 15. Ọ̀sẹ̀ ò já. Bó ṣe yẹ kí ọjà yín náà rí nìyẹn. Lẹ́yìn ọdún ọlọ́jọ́ 372, ọjọ́ ọjà kan náà ló máa ṣí ọdún tó tẹ̀ lé e. Lẹ́yìn ọlọ́jọ́ 371, ó máa fi ọjọ́ ọjà kan padà sẹ́yìn. Ọdún 20 ló máa gbà kí gbogbo rẹ̀ tó padà sójú kan.

Ìbéèrè: Ọjọ́ 30 ni òṣùpá wọn fi ń yí po. Ṣé oṣù tuntun lè máa bá òṣùpá tuntun bọ̀?

Ìdáhùn: Kò lè ṣeé ṣe pẹ̀lú oṣù ọlọ́jọ́ 31. Èdè wa ló ń tan wá díẹ̀ níbí, torí oṣù là ń pe èyí tó lé lójú ọ̀run, oṣù náà là ń pe èyí tí a ń gbowó rẹ̀. Ìmọ̀ràn mi ni pé kí ààfin máa lo oṣù oòrùn, kí àwọn abọrẹ̀ máa lo ti òṣùpá.

Ti abọrẹ̀: oṣù 12 jẹ́ ọjọ́ 360, gbèsè ọdọọdún jẹ́ 11.4. Ẹ máa kó o jọ. Ìgbà tó bá ti tó 30, ẹ fi oṣù kẹtàlá kún ọdún yẹn, kí ẹ yọ 30 kúrò nínú gbèsè. Ọdún 3 gbèsè jẹ́ 34.2, ẹ fi kún un, ó ku 4.2. Ọdún 6 ló tún kàn, lẹ́yìn náà ọdún 8. Bí àwọn Júù ṣe ń ṣe tiwọn náà nìyẹn, oṣù 7 ni wọ́n ń fi kún un láàárín ọdún 19. Bí ẹ ò bá fi nǹkan kan kún un, ọdún àwọn abọrẹ̀ á máa sún kiri inú òjò àti ẹ̀ẹ̀rùn, bí Ràmàdáànì ṣe ń fi nǹkan bí ọjọ́ 11 yá ju ti èṣí lọ.

Ìbéèrè: Ọjọ́ 12 oṣù keje ọdún 48, akọni mi sá gba Ọjà Odò kọjá nínú òkùnkùn biribiri. Ọjà Òkè ló ṣí ọdún 1, òṣùpá tuntun sì lé lọ́jọ́ náà. Odò, Ààfin àti Ẹnubodè ló tẹ̀ lé Òkè. Ṣé ó bá a mu?

Ìdáhùn: Ọjà bá a mu, òkùnkùn ni kò bá a mu. Ẹ ka iye ọjọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ọdún 47 ló ti kọjá: ìdì 9 jẹ́ 16713, ọdún méjì tó kù jẹ́ 371 àti 372, oṣù mẹ́fà jẹ́ 186, ẹ wá fi 12 kún un. Ó di 17654. Ẹ fi 4 pín in, 2 ló ṣẹ́ kù: Ọjà Odò. Ẹ fi 30 pín in, 14 ló ṣẹ́ kù. Òṣùpá ọjọ́ kẹrìnlá nìyẹn, ojúlé gbogbo á mọ́lẹ̀ rekete, ọ̀tá á sì rí akọni yín láti òkèèrè.

Ẹ fi ìtàdógún kan sún ìran náà, sí ọjọ́ 28 oṣù keje. Ọjọ́ 17670 nìyẹn: Ọjà Odò náà ni, òṣùpá sì ti wọ̀ọ̀kùn.