Bí a ṣe ń kọ́ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ṣàjèjì, ìró rẹ̀ àti ìtumọ̀ rẹ̀

Ọ̀pọ̀ ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tó ń múra WAEC ló gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dáadáa, àmọ́ tí ọ̀rọ̀ tí kò wọ́pọ̀ bá yọjú, wọn kì í mọ bí wọ́n ṣe máa pè é. Ẹ̀bi wọn kọ́. Yorùbá, bí a ṣe kọ ọ́ la ṣe ń pè é. Gẹ̀ẹ́sì kò rí bẹ́ẹ̀.

Tí ẹ bá pàdé irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ má tíì pè é. Ẹ ṣí díkíṣọ́nárì, kí ẹ wá àmì kékeré yìí: ˈ. Sílébù tó tẹ̀ lé e lẹ máa fi agbára pè. Fáwẹ̀lì tí wọ́n kọ báyìí, ə, kò lágbára rárá. Ẹ kàn gbà á kọjá ni.

Èyí tó kàn ló ṣe pàtàkì jù lójú mi: ẹ fi àmì ohùn Yorùbá kọ ìró náà sínú ìwé yín. Sílébù alágbára gba mí, ìyókù gba dò. Epitome, àpẹẹrẹ pípé, di ìpítọ̀mì. Hyperbole, àsọdùn, di hàìpọ́bọ̀lì. Quay, èbúté tí ọkọ̀ ojú omi ń gúnlẹ̀ sí, kò ju kí lọ.

Tí sípẹ́lì àti ìró bá ta kora, ẹ wádìí ìdí rẹ̀, torí ìdí ni kì í jẹ́ kí èèyàn gbàgbé. Colonel, oyè ológun, kọ́nẹ̀l la ń pè é. Coronel làwọn Gẹ̀ẹ́sì kọ́kọ́ ń kọ, bí wọ́n ṣe gbà á lọ́wọ́ Faransé. Wọ́n wá yí i padà kó lè bá ti Ítálì mu, àmọ́ ẹnu kò tẹ̀ lé ìwé. Nínú indict, fífi ẹ̀sùn kan èèyàn lábẹ́ òfin, àwọn ọ̀mọ̀wé ló ki c bọ̀ ọ́ nítorí Látìn. Ìndáít ni.

Ní ti ìtumọ̀, ẹ so ọ̀rọ̀ náà mọ́ ohun tí ẹ mọ̀. Petrichor, pẹ́trìkọ̀, ni òórùn tí ilẹ̀ gbígbẹ ń yọ nígbà tí àkọ́rọ̀ òjò bá rọ̀. Ta ni kò mọ̀ ọ́n ní Ògbómọ̀ṣọ́? Isabel Joy Bear àti Richard Thomas, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ní Ọsirélíà, ló sọ ọ́ lórúkọ ní 1964. Wọ́n fi ọ̀rọ̀ Gíríìkì méjì ṣe é: òkúta, àti ohun tó ń ṣàn nínú iṣan àwọn òrìṣà wọn.

Lẹ́yìn náà, ẹ fi ọ̀rọ̀ náà ṣe gbólóhùn tiyín, kí ẹ sì pè é sókè. Èyí tí díkíṣọ́nárì bá kọ archaic, ìyẹn ọ̀rọ̀ àtijọ́, sí lára, ẹ mọ̀ ọ́n fún kíkà. Ẹ má kọ ọ́ sínú àròkọ ìdánwò.