Bí a ṣe ń dá òrìṣà èdè sílẹ̀ fún ìtàn àròsọ

Mo máa ń bá àwọn ọ̀dọ́ òǹkọ̀wé ka iṣẹ́ wọn kí wọ́n tó gbé e jáde. Nínú gbogbo òrìṣà tuntun tí wọ́n ń dá sínú ìtàn, èyí tó máa ń bàjẹ́ mọ́ wọn lọ́wọ́ jù ni èyí tó ni èdè, tó sì ń mú kí ayé wà létòlétò. Orúkọ ló sì máa ń bà á jẹ́.

Ẹ kọ́kọ́ mọ iṣẹ́ rẹ̀. Ọ̀rúnmìlà ni ẹlẹ́rìí ìpín, Èṣù ló ń gbé ẹbọ dé ọ̀run, ẹ má gba iṣẹ́ wọn fún ẹni tuntun. Àwọn ará Íjíbítì àtijọ́ pín tiwọn dáadáa: Thoth ni akọ̀wé, Maat ni òtítọ́ àti ètò. Bí wọ́n bá ń dájọ́ òkú, wọn a wọn ọkàn rẹ̀ pẹ̀lú ìyẹ́ Maat, Thoth a sì kọ àbájáde sílẹ̀. Gbólóhùn kan péré ni kí ẹ kọ nípa tiyín. Tèmi nìyí: òun ló sọ ohun gbogbo lórúkọ, ohun tí wọ́n bá sì ṣì pè yóò kúrò láyè rẹ̀.

Ó wá ku orúkọ. Ẹ fara balẹ̀ níbí.

Ohun tó máa ń kọ́kọ́ wá síni lọ́kàn ni kí a so “oní” mọ́ “èdè”, kó di Elédè. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti rí i lọ́wọ́ ẹni ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Ọ̀kan nínú wọn tẹ̀ ẹ́ láìfi àmì sí i, bí ọ̀pọ̀ èèyàn ṣe ń tẹ Yorùbá lórí fóònù, gbogbo ẹni tó kà á sì rí ẹlẹ́dẹ̀. Ojú ewé kejì rẹ̀ gan-an ni àwọn àgbà ìlú ti dọ̀bálẹ̀ fún òrìṣà náà. Kò sí àlàyé tó lè tún irú ibẹ̀ ṣe.

Ẹlòmíràn á ní “ọ̀rọ̀” lòun fẹ́ lò. Oní pẹ̀lú ọ̀rọ̀ di Ọlọ́rọ̀. Oní pẹ̀lú ọrọ̀, ìyẹn owó, Ọlọ́rọ̀ náà ni. Àmì pé, síbẹ̀ olówó ni òǹkàwé máa gbọ́. Iwin inú igi náà sì ń jẹ́ ọ̀rọ̀. Bí àmì bá tún wá já bọ́, Orò tí obìnrin kì í wò ti dé nìyẹn.

Bí mo ṣe ń ṣe é ni pé mo máa ń gé gbólóhùn iṣẹ́ náà kúrú, màá fi “a” ṣáájú. A-fi-ohùn-to-ìlú: Afohùntòlú. Kò ní ẹ, ọ tàbí ṣ nínú, torí náà kò sí àmì ìsàlẹ̀ tó máa sọnù. Bí ẹnìkan bá ṣì í kà sí Afọhùn, ẹni tó ń sọ̀rọ̀ náà ni, kò ba nǹkan jẹ́. Afohùntayé ni mo kọ́kọ́ fẹ́, ṣùgbọ́n “tayé” lè jẹ́ pé ó to ayé, ó sì lè jẹ́ pé ó ta ayé bí ọjà. Mo pa á tì.

Fáwẹ̀lì tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà kò gbọdọ̀ gba ohùn òkè. Kò gbọdọ̀ jẹ́ u, àfi bí ẹ bá ń kọ Èkìtì tàbí Ìjẹ̀ṣà. Kọ́ńsónáǹtì méjì kò sì gbọdọ̀ léra.

Lẹ́yìn náà, ẹ dán an wò. Onígángan ló dára jù. Bí kò bá sí, ẹ fi ìka lu tábìlì, kí ẹ sì kùn ún: re re dò dò mí. Ẹ gba ohùn ara yín sílẹ̀ lórí fóònù, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí àgbà kan tí kò tíì ka ìtàn náà, kó sọ ohun tó gbọ́. Ẹ má lo ọ̀rẹ́ yín. Ó ti mọ ohun tó wà lọ́kàn yín. Pẹ́ńsù àti ìwé eléwé ogójì ni mo fi ń ṣe gbogbo èyí, torí ọwọ́ kì í fo àmì bí kíbọ́ọ̀dù ṣe ń fò ó. Bí ẹ bá fẹ́ tẹ̀ ẹ́ wàyí, Yorùbá wà nínú Gboard, kíbọ́ọ̀dù Google fún fóònù.

Oríkì kò le. Ẹ má jẹ́ kó ju ìlà mẹ́fà lọ, kó sì jẹ́ ohun tó ṣe ni yóò wà níbẹ̀:

Afohùntòlú, ó pe ewé, ewé dáhùn.
Ó pe omi, omi dúró gbọ́.
Ó ní kí òru máa lọ, òwúrọ̀ yọjú.

Èèwọ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ ti inú iṣẹ́ rẹ̀ wá. Tèmi ni pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ já ọ̀rọ̀ gbà lẹ́nu ẹlòmíràn níwájú ojúbọ rẹ̀. Bí wọ́n bá ṣe bẹ́ẹ̀, ẹni tó bá ní kí wọ́n bu omi wá lọ́jọ́ náà, iná ni wọn yóò gbé fún un.

Ohun kan wà tí n kò gbà fún ẹnikẹ́ni: ẹ má gbé òrìṣà yín sínú Ifá. Odù Ifá jẹ́ 256, 16 nínú wọn ni ojú odù. Ẹni tó bá kọ pé Ogbè Méjì sọ̀rọ̀ Afohùntòlú ti purọ́ mọ́ àwọn babaláwo. Wọ́n ń bọ àwọn òrìṣà wa ní Bràsílì àti Kúbà títí dòní, ẹni tó jìnnà sílé lè rí ìtàn yín kó sì gbà á gbọ́. Nítorí náà, ẹ kọ ọ́ síwájú kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀ pé “Afohùntòlú kò sí nínú ẹ̀sìn Yorùbá, èmi ni mo dá a.” Kí lẹ́tà rẹ̀ tóbi tó ti ìtàn fúnra rẹ̀, ẹ má kọ ọ́ wẹ́wẹ́ sí ìsàlẹ̀.