Bí a ṣe ń to líìgì bọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n fún àwọn ilé-ìwé gíga tó yí Òṣogbo ká

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́ ẹ fẹ́ dá líìgì sílẹ̀, ẹ má tíì wá owó ife. Ọjọ́ ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wá. Ká ní ilé-ìwé mẹ́fà ló fẹ́ gbá a: UNIOSUN àti Fountain ní Òṣogbo níbí, Redeemer's, Adeleke àti Pólì ìjọba àpapọ̀ ní Ẹdẹ, Bowen ní Ìwó. Àwọn ọmọ Fountain á lọ kí Jímọ́ọ̀ lọ́sàn-án Ẹtì. Adeleke, tó jẹ́ ti ìjọ Adventist, ń pa Sábáàtì mọ́ láti ìrọ̀lẹ́ Ẹtì títí oòrùn á fi wọ̀ ní Sátidé. Lọ́jọ́ Ìsinmi, ṣọ́ọ̀ṣì ni Redeemer's àti Bowen wà. Ọjọ́rú ni mo fara mọ́, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Kò yẹ kí ọmọ kankan máa yàn láàárín ẹ̀sìn rẹ̀ àti ikọ̀ rẹ̀. Ẹ má sì fi eré sí ìgbà ọdún Ọ̀ṣun lóṣù Ògọ́ọ̀sì, ìlú á kún.

Ẹ wá mú bébà. Ẹ fún ilé-ìwé kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà, láti 1 dé 6. Ẹ kọ 1, 2, 3 sókè, ẹ kọ 6, 5, 4 sábẹ́ wọn. Ẹni tó wà lókè ló máa pàdé ẹni tó wà lábẹ́ rẹ̀ gan-an: 1 àti 6, 2 àti 5, 3 àti 4. Lọ́sẹ̀ kejì, 1 ò ní kúrò lójú kan. Àwọn yòókù á sún ní àyè kọ̀ọ̀kan: 6 á gòkè wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ 1, 3 á bọ́ sísàlẹ̀. Òkè á wá di 1, 6, 2. Ìsàlẹ̀ á di 5, 4, 3. Tẹ́ ẹ bá ń yí i bẹ́ẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ márùn-ún, gbogbo wọn á ti pàdé ara wọn, eré 15. Tí oníkálukú bá tún fẹ́ gbàlejò ẹnì kejì rẹ̀, ó di 30.

Ikọ̀ tó bá borí gba máàkì 2, èyí tó pàdánù gba 1. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yọ 1 yẹn. Òun ló ń jẹ́ kí ikọ̀ tí wọ́n ti nà káàkiri ṣì wọ bọ́ọ̀sì wá. Èyí tí kò bá ní agbábọ́ọ̀lù márùn-ún lórí pápá nígbà tí ìṣẹ́jú 15 bá ti kọjá lórí àkókò, òfo ni tirẹ̀, ẹ ó sì kọ 20-0 fún alátakò. Òfin FIBA, àjọ tó ń darí bọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n lágbàáyé, nìyẹn. Bọ́ọ̀sì á bàjẹ́ lọ́nà, kóòṣì á máa bẹ̀bẹ̀ lórí fóònù, àánú á ṣe yín. Nítorí náà, ẹ kọ ọ́ sínú ìwé kí líìgì tó bẹ̀rẹ̀ pé ẹni tó bá pè kí aago mẹ́ta tó lù, a lè sún eré rẹ̀.

Kò sí ọ̀mì: bí kúọ́tà mẹ́rin oníṣẹ́jú 10 bá parí tí wọ́n dọ́gba, ẹ fi ìṣẹ́jú 5 kún un títí ẹnì kan á fi borí.

Orúkọ 12 ni ikọ̀ kọ̀ọ̀kan lè kọ fún eré kan. Ẹ yẹ káàdì ilé-ìwé àti ìwé ìforúkọsílẹ̀ sáà yìí wò kí wọ́n tó wọ jẹ́sì. Tí eré bá parí, kí rẹfirí fọwọ́ sí ìwé àbájáde, kẹ́ ẹ ya fọ́tò rẹ̀ sórí WhatsApp àwọn kóòṣì kí ẹnikẹ́ni tó wọ bọ́ọ̀sì padà.