Bí a ṣe sun oorun ọjọ́ méjì lórí òkè Ògìdì

Ọ̀rọ̀ omi ló pọ̀ jù nínú ohun tí mo fẹ́ sọ o, torí omi ló fẹ́ dá wa padà.

Ó ti pẹ́ tí mo ti ń kà nípa àwọn páàkì tí wọn ò kọ́ nǹkan kan sí, irú Gates of the Arctic tí Amẹ́ríkà dá sílẹ̀ ní Alaska lọ́dún 1980, kò sí títì níbẹ̀, wọn ò la ọ̀nà ẹsẹ̀ kankan, ṣe lèèyàn máa gbé ilé ẹ̀ sẹ́yìn bí ìgbín. Mo wá ní àpáta Ògìdì tó yí àwa ará Ìjùmú ká ní ìpínlẹ̀ Kogí yìí ńkọ́? Láti kékeré la ti ń wò ó láti inú mọ́tò.

Oṣù kìíní, nínú ọyẹ́, lèmi àti àbúrò mi lọ. A kọ́kọ́ lọ kí àwọn àgbà ìlú, ẹ má fo èyí o, ní àsìkò tá a wà yìí, ẹni tí wọn ò mọ̀ tó gbé bàágì ńlá wọ igbó, wọ́n á fura sí i. Wọ́n fún wa ní bàbá ọdẹ kan. Bàbá gbé bàágì mi wò, ó ní, "Ọmọ mi, omi dà?" Mo fi lítà mẹ́ta hàn án, ó kàn mirí ni.

Òótọ́ ni ṣá, kó tó di ọ̀sán ó ti tán. Lítà omi kan wúwo tó kílò kan, ìdí tí mo fi dín in kù nìyẹn, àmọ́ àpáta yẹn gbóná bí agbada tí oòrùn bá ti mú, gbogbo kòtò orí ẹ̀ tá a rò pé omi á wà níbẹ̀ ló ti gbẹ. Bàbá ní ká má wo ilẹ̀, ká wo ewé. Ó mú wa lọ sáàárín àpáta méjì níbi tí igi ṣì tutù yọ̀yọ̀, ó fọwọ́ wa iyanrìn dé ìgbúnwọ́, ó jókòó. Omi pupa ló kọ́kọ́ sun, ó gbọ́n ọn dànù lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ìkẹrin mọ́ kedere. Inú mi dùn débi pé omi fẹ́ bọ́ lójú mi. A fi aṣọ sẹ́ ẹ, a sè é títí ó fi hó yaya fún bíi ìṣẹ́jú kan, torí ẹranko náà ń mu níbẹ̀.

Orí àpáta gbalasa la dáná sí, kì í ṣe inú koríko, iná ọyẹ́ kì í gbọ́ bẹ̀bẹ̀. Iyanrìn la fi pa á, mo fọwọ́ kàn án kí n tó sùn. Àpáta ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́ títí di òru, àfi ìgbà tó di ìdájí tí òtútù dé, aṣọ òtútù kan ò tó rárá. Láàárọ̀ ẹ gbọn bàtà yín o, àkeekèé jábọ́ látinú ti àbúrò mi.

Gáàrì àti kúlíkúlí la jẹ, gbogbo ọ̀rá rẹ̀ la kó sọ̀kalẹ̀. Bàbá ní ká padà wá lóṣù kẹsàn-án, pé omi á máa ṣàn fúnra ẹ̀ lójú àpáta nígbà yẹn. Mo ti ra kẹ́ẹ̀gì lítà márùn-ún sílẹ̀.