Iná gáàsì ń kú bí ẹ bá ti ju nọ́ọ̀bù sílẹ̀? Ẹ má fi igi tì í

Bí ẹ bá tan kúkà gáàsì, tí iná gbà, ṣùgbọ́n tó kú bí ẹ ṣe mú ọwọ́ kúrò lórí nọ́ọ̀bù, kì í ṣe pé gáàsì ti tán nínú sílíńdà, kúkà náà kò sì tíì bàjẹ́. Sẹ́ńsọ̀ iná ni kò mọ̀ pé iná wà. Ní ọ̀pọ̀ ilé ní Abẹ́òkúta, ibí yìí ni àṣìṣe tó burú jù ti ń wáyé: wọ́n á wá igi tàbí rọ́bà, wọ́n á fi ti nọ́ọ̀bù mọ́lẹ̀, wọ́n á máa dáná lọ.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe é. Sẹ́ńsọ̀ yìí, tí àwọn oníṣẹ́ ń pè ní thermocouple, jẹ́ ọ̀pá irin kékeré tí orí rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú iná. Okùn bàbà tín-ín-rín ló so ó mọ́ fáàfù, ohun tó ń ṣí tó sì ń ti ọ̀nà gáàsì, lábẹ́ kúkà. Bí iná bá ń jó o lórí, ó ń mú iná mànàmáná díẹ̀ jáde, bí i millivolt 20 sí 30. Kò tó tan gílóòbù, ṣùgbọ́n ó tó fún mágínẹ́ẹ̀tì inú fáàfù láti di ọ̀nà gáàsì mú kó má tì. Bí iná bá kú, orí ọ̀pá náà á tutù, mágínẹ́ẹ̀tì á tú, fáàfù á pa dé.

Ẹ wá rò ó wò. Ẹ gbé ewédú kaná, ẹnì kan pè yín lẹ́nu ọ̀nà, ewédú hó, ó dà, ó pa iná. Fáàfù yẹn nìkan ló ń dá gáàsì dúró kó má kún ilé. Gáàsì ìdáná wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, ilẹ̀ ló máa ń rọ̀ sí, níbi tí ẹ kò ti ní rí i, títí ẹnì kan á fi ṣá ìṣáná. Igi tí ẹ fi ti nọ́ọ̀bù ti pa ààbò yìí rẹ́. Oníṣẹ́ tó bá ní òun á yọ sẹ́ńsọ̀ náà kúrò pátápátá kí iná lè máa jó, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, kí ẹ wá ẹlòmíràn.

Àwọn kan á fẹ́ fọ̀ ọ́, wọn á wá fọ ohun tí kì í ṣe òun. Ọ̀pá méjì ló sábà máa ń wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú iná kúkà tó ń tan iná fúnra rẹ̀. Èyí tó ní tánganran funfun lára ló ń ta iná pàrà. Bí ẹ bá ha á, ó lè kán. Èyí tó jẹ́ irin lásán, tí orí rẹ̀ kò mú, ni sẹ́ńsọ̀. Ti oven, ẹ gbé pẹpẹ irin ìsàlẹ̀ kúrò, ẹ ó rí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ iná.

Ẹ ṣọ́ra fún fídíò orí íntánẹ́ẹ̀tì pẹ̀lú. Púpọ̀ nínú wọn ń sọ nípa furnace, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń mú ilé gbóná nígbà òtútù ní Amẹ́ríkà àti Kánádà. Sẹ́ńsọ̀ tiwọn ní tánganran lára, iná mànàmáná tó kéré gan-an ló ń gba inú iná tó ń jó kọjá. Wọ́n kàn ń tú ìdè kan, wọ́n á fà á yọ. Bí ẹ bá fa tiwa bẹ́ẹ̀, okùn bàbà á ká, ó sì lè kán.

Ìdọ̀tí ló sábà máa ń fa ìṣòro náà: omi ìrẹsì, làfún tó ta, epo pupa tó gbẹ mọ́ ọn. Ẹ má fi ọ̀bẹ ha á, ẹ má fi sáńpépà líle fá a, ẹ má sì da bẹntiróòlù tàbí kẹrosíìnì sí i. Ẹ ti sílíńdà, ẹ jẹ́ kí kúkà tutù, kí ẹ fi aṣọ rírọ̀ tí ẹ ti rẹ sínú omi ọṣẹ nù ún. Bí dúdú bá ṣì wà, ẹ fi kànìnkànìn ìfọ̀wo rọra fi ọwọ́ pa á, ẹ nù ún gbẹ. Kó tó di pé ẹ tan iná, ẹ wò ó bóyá orí rẹ̀ ṣì wà níbi tí iná á ti jó o. Ìkòkò ńlá lè ti gbá a sẹ́gbẹ̀ẹ́. Tí ẹ bá sì tàn án, ẹ tẹ nọ́ọ̀bù mọ́lẹ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá 10 tàbí 15. Àwọn tó ń kánjú jù ú sílẹ̀ ni wọ́n máa ń ra sẹ́ńsọ̀ tuntun láìnídìí.

Bí ó bá ṣì ń kú lẹ́yìn èyí, ó lè ti tó láti pààrọ̀ rẹ̀. Ẹ mú ti àtijọ́ lọ́wọ́ lọ sí ọjà Panṣẹ́kẹ́ ní Abẹ́òkúta, kí okùn tuntun má kúrú, kí nọ́ọ̀tì rẹ̀ sì bá fáàfù mu. Ọwọ́ ni kí ẹ kọ́kọ́ fi dè é, kí sípánà wá fún un díẹ̀. Ìfòfó ọṣẹ ni kí ẹ fi wá ibi tí gáàsì ti ń jò, ẹ má fi iná wá a. Lẹ́yìn náà, ẹ tan iná fún ìṣẹ́jú mélòó kan, ẹ pa á, kí ẹ tẹ́tí sí fáàfù: láàárín ìṣẹ́jú kan tàbí díẹ̀ sí i, ẹ ó gbọ́ kó dún "kọ́". Bí kò bá dún rárá, ẹ má tíì gbé ìkòkò kaná. Ẹ ti sílíńdà, kí ẹ pe oníṣẹ́.